"Òyìnbó Ò Fọwọ́ Kan Ọba Wa": Àṣìṣe Kan Nípa Ìjọba Amúnisìn ní Ọ̀yọ́

Bí ọ̀rọ̀ ìjọba amúnisìn bá ṣẹ́yọ ní Ọ̀yọ́, bóyá nídìí ayò tàbí nínú ọkọ̀ tó ń lọ sí Ògbómọ̀ṣọ́, gbólóhùn kan wà tí kì í pẹ́ jáde: "Èkó ni òyìnbó ti jọba. Níhìn-ín, Aláàfin ló ń ṣe ìlú rẹ̀, òyìnbó kàn ń wò ó lókèèrè ni." Àwọn mìíràn á fi kún un pé agbára tí Aláàfin Ládìgbòlù Kìíní ní, tí gbogbo baálẹ̀ ń gbọ̀n fún, ni agbára tí ọba Ọ̀yọ́ ti ní láti ayé Ọ̀rànmíyàn. Kò ṣòro láti mọ ìdí tí ọ̀rọ̀ yìí fi wọ àwọn ènìyàn lára. Lóòótọ́ ni òyìnbó gba Èkó lọ́wọ́ Dòsùnmú ní 1861, Ọ̀yọ́ kò sì rí irú ìyẹn. Òyìnbó tó wà ní Ọ̀yọ́ kò tó nǹkan. Àwọn tí aráàlú ń bá pàdé lójoojúmọ́ ni ọba, ìjòyè, akódà àti akọ̀wé kóòtù, ènìyàn dúdú sì ni gbogbo wọn.

Ṣùgbọ́n bí a bá fẹ́ mọ irú ọba tí ọba jẹ́, ohun mẹ́ta la ó bi: ta ló fi í jẹ, ta ló ń bọ́ ọ, ta ló lè sọ pé kó kúrò níbẹ̀? Láàrin 1893 sí 1960, ìdáhùn ìbéèrè mẹ́tẹ̀ẹ̀ta yí padà ní Ọ̀yọ́, bẹ́ẹ̀ orúkọ oyè àti adé kò yí.

Ní Ọ̀yọ́-Ilé, Aláàfin kò dá ṣèjọba. Ọ̀yọ́ Mèsì méje ló yí i ká: Baṣọ̀run, Àgbàakin, Sàmù, Alápìínni, Lágúnà, Akinikú àti Aṣípa. Ìdílé kọ̀ọ̀kan ló ni oyè tirẹ̀, nítorí náà Aláàfin kò lè jí lówùúrọ̀ kó yọ Sàmù, kó fi ọ̀rẹ́ rẹ̀ rọ́pò. Àwọn ni afọbajẹ, àwọn náà ló sì ní àṣẹ láti kọ ọba. Bí àṣejù ọba bá ti pọ̀ jù, Baṣọ̀run á gbé igbá òfìfo tàbí ẹyin odídẹrẹ́ ránṣẹ́ sí i, pẹ̀lú iṣẹ́ pé ìlú kọ̀ ọ́, ilẹ̀ kọ̀ ọ́, òrìṣà kọ̀ ọ́. Ọba tó bá gba irú igbá bẹ́ẹ̀, ikú ló kù fún un. Àrẹ̀mọ rẹ̀ tí wọ́n jọ ń ṣèjọba á sì bá a lọ. Ọ̀gbóni náà wà níbẹ̀ tí ń ṣọ́ àwọn tó ń ṣọ́ ọba.

Kí ẹnikẹ́ni má rò pé ayé ìrọ̀rùn ni ayé náà. Baṣọ̀run Gáà lo àṣẹ yìí nílòkulò ní ọ̀rúndún kejìdínlógún, ó fi rán ju ọba kan lọ sọ́run, títí Aláàfin Abíọ́dún fi fi ọgbọ́n bá Kakaǹfò mulẹ̀, tí wọ́n sì ṣẹ́gun Gáà ní 1774. Ohun tó yẹ ká mú dání níbẹ̀ ni pé inú ìlú ni ẹni tó ní àṣẹ wà, inú ìlú kan náà ni ẹni tó lè dá a dúró wà. Bí ọ̀kan bá kọjá ààyè, ìkejì mọ ọ̀nà ilé rẹ̀.

Ọ̀yọ́-Ilé tú ní nǹkan bí ọdún 1835. Nígbà tí Àtìbà tẹ Ọ̀yọ́ tuntun dó sí Àgọ́-Ọjà, ó pín ìṣọ́ ilẹ̀ náà: Ìbàdàn ni kó máa ṣọ́ àríwá àti ìlà-oòrùn, Ìjàyè ni kó máa ṣọ́ ìwọ̀-oòrùn. Ibi tó ta sí nìyí: Ọ̀yọ́ ni adé wà, Ìbàdàn ni ìbọn wà. Ògbómọ̀ṣọ́ bọ́ sí apá ibi tí Ìbàdàn ń dáàbò bò. Àtìbà fúnra rẹ̀ yí àṣà padà pẹ̀lú, ó ní kí Adélù àrẹ̀mọ òun má kú, kó jọba lẹ́yìn òun ní 1859. Kúrunmí ti Ìjàyè kọ̀ jálẹ̀, ogun Ìjàyè sì bẹ́ ní 1860. Nítorí náà, a kò lè sọ pé gbogbo àyípadà ọwọ́ òyìnbó ló ti wá. Ṣùgbọ́n nígbà tí Gómìnà Carter dé Ọ̀yọ́ tí ó sì bá Aláàfin Adéyẹmí Kìíní tọwọ́ bọ̀wé àdéhùn ní ọjọ́ 3 oṣù Kejì 1893, ọlá Aláàfin kárí ilẹ̀ Yorùbá ju àṣẹ rẹ̀ lọ. Ìbàdàn kì í dúró gba ìyọ̀ǹda Ọ̀yọ́ kó tó gbógun lọ síbikíbi.

Kò tó ọdún mẹ́ta lẹ́yìn ìwé náà tí òyìnbó fi yìnbọn ńlá lu Ọ̀yọ́. Captain Bower, tó jẹ́ aṣojú ìjọba òyìnbó ní Ìbàdàn, gbọ́ pé wọ́n tẹ ọkùnrin kan lọ́dàá ní àṣẹ Aláàfin nítorí àgbèrè. Ó ní Aláàfin kò lẹ́tọ̀ọ́ sí irú ìdájọ́ bẹ́ẹ̀ mọ́, Aláàfin kò sì fẹ́ tẹrí ba fún un. Ní ọjọ́ 12 oṣù Kọkànlá 1895, Bower da ìbọn bo ìlú náà. Ẹni tó bá ń sọ pé wọn ò fọwọ́ kan ọba Ọ̀yọ́, kó kọ́kọ́ sọ ohun tí a ó pe ọjọ́ náà.

Ní 1906 ni Captain Ross dé Ọ̀yọ́, kò sì lọ títí di 1931. Ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n! Kò wọ́pọ̀ kí òyìnbó ìjọba pẹ́ tó bẹ́ẹ̀ níbì kan. Ajẹ́lẹ̀ ni aráàlú ń pè é. Láti 1911 tí Ládìgbòlù gorí ìtẹ́, òun àti Ross di ọ̀rẹ́ àti alájọṣe. Ross gbà pé ìjọba Ọ̀yọ́ àtijọ́ ni òun ń tún gbé dìde, ó sì gbà gbọ́ pé nínú ìjọba yẹn, ọba nìkan ló ń pàṣẹ. Ibẹ̀ gan-an ni àṣìṣe tí à ń sọ yìí ti wọ inú ìwé ìjọba. Lẹ́yìn tí Lugard, olórí ìjọba amúnisìn ní Nàìjíríà, so Gúúsù pọ̀ mọ́ Àríwá ní 1914, òfin kóòtù ìbílẹ̀ jáde lọ́dún náà, òfin àṣẹ ìbílẹ̀ tẹ̀ lé e ní 1916. Aláàfin di aláṣẹ ìbílẹ̀, Ọ̀yọ́ Mèsì di olùdámọ̀ràn tó ń gba owó oṣù. Igbá òfìfo kò níṣẹ́ mọ́, nítorí kò sí ìjòyè tó lè gbé e fún ọba tí Rẹ́sídẹ́ǹtì, ìyẹn olórí òyìnbó ní ẹkùn náà bíi Ross, ń tì lẹ́yìn.

Owó orí ló fi bí ẹ̀rọ yìí ṣe ń ṣiṣẹ́ hàn jù. Tẹ́lẹ̀, ohun tó ń wọ ààfin ni ìṣákọ́lẹ̀ láti ìlú kéékèèké, owó ibodè, ẹ̀bùn ọdún àti ohun tí oníṣòwò ń san lọ́jà. Àwọn yìí máa ń pọ̀, wọ́n máa ń dín, ọba tí kò bá dára sí àwọn ènìyàn á sì rí i pé wọ́n ń dín. Lábẹ́ ètò tuntun, baálé ilé á ka ọkùnrin tó ti bàlágà nínú agboolé rẹ̀, yóò kó iye wọn fún ìjòyè àdúgbò tàbí baálẹ̀. D.O. (District Officer), òyìnbó tó ń ṣàkóso àgbègbè, á wo iye náà, á fi wé ti ìlú mìíràn, á wá sọ iye tí ìlú yóò san. Ṣílè ni wọ́n ń gbà, wọn kì í gba owó ẹyọ tàbí iṣu. Baálẹ̀ á gbà á lọ́wọ́ àwọn baálé ilé, á kó o lọ sí Ọ̀yọ́. Ìjọba àpapọ̀ á mú ìpín tirẹ̀, ìyókù á wọ àpò ìṣúra ìbílẹ̀, láti inú rẹ̀ ni wọ́n ti ń san owó oṣù Aláàfin, ti àwọn ìjòyè, ti akọ̀wé àti ti akódà.

Ẹ wo ibi tó ti bàjẹ́. Baálẹ̀ tó ń gbowó kò mọ bí wọ́n ṣe dá iye rẹ̀, kò sì lè dín in, síbẹ̀ òun ni ojú mọ̀. Bí kò bá gbà á pé, wọ́n lè yọ ọ́. Bí ó bá gbà á pé, ìlú á kórìíra rẹ̀. Ọba tí owó oṣù rẹ̀ ti dájú kò sì ní ìdí pàtàkì láti máa wojú ìlú mọ́. Ní ti àgbẹ̀, ṣílè kò hù lóko. Àwọn tí ilẹ̀ wọn gba kòkó rí nǹkan tà. Ilẹ̀ ọ̀dàn ni ti Ògbómọ̀ṣọ́, kòkó kò fi bẹ́ẹ̀ ṣe dáadáa níbẹ̀. Owó orí nìkan kọ́ ló sọ àwọn ará Ògbómọ̀ṣọ́ di oníṣòwò ní Gold Coast (Gánà òde òní) àti ní Òkè Ọya, nítorí wọ́n ti mọ òwò tẹ́lẹ̀, ṣùgbọ́n ẹni tó gbọ́dọ̀ wá ṣílè lọ́dọọdún á lọ síbi tí ṣílè wà. Nígbà tí ìjọba Busia lé àlejò kúrò ní Gánà ní ìparí 1969, ọ̀pọ̀ agboolé ní Ògbómọ̀ṣọ́ ló gba èrò tí wọn kò múra sílẹ̀ fún.

Kóòtù ìbílẹ̀ náà ní tirẹ̀. Ìpele mẹ́rin ni, láti A dé D, bí agbára ìdájọ́ wọn ṣe tó. Ọ̀rọ̀ tí baálé ilé máa ń parí pẹ̀lú obì àti ẹ̀bẹ̀ di ohun tí à ń san owó ìwé fún. Ìjòyè ló jókòó bí adájọ́, ṣùgbọ́n akọ̀wé ló mọ ìwé kọ, ohun tó bá kọ sílẹ̀ sì ni D.O. máa kà. Nítorí èyí, akọ̀wé kóòtù tí kò ní oyè kankan nílùú lè ní agbára ju ìjòyè lọ.

Ní oṣù Kẹwàá 1916, ará Òkèhò àti Ìsẹ́yìn dìde. Ní Òkèhò, wọ́n pa ọba ìlú wọn, wọ́n sì kọlu kóòtù. Ibi tí ìbínú náà wọlé sí fi ohun tí wọ́n ń bá jà hàn: ilé kóòtù, òṣìṣẹ́ kóòtù, aṣojú Ọ̀yọ́. Ká ní lóòótọ́ ni Aláàfin ń ṣèjọba bí ti àtijọ́, kò sí ohun tuntun tí wọn ì bá dìde sí. Ìjọba kó sójà wá, wọ́n sì pa àwọn tí wọ́n pè ní olórí ọ̀tẹ̀.

Ìbàdàn náà jìyà ìtàn tí Ross gbà gbọ́. Ìlú tó ti ń dá ogun jà láti ìgbà Àtìbà wá rí ara rẹ̀ lábẹ́ àṣẹ Ọ̀yọ́. Wọ́n yọ Baálẹ̀ Ìrẹ̀fin ní 1914, wọ́n yọ Baálẹ̀ Ṣítù ní 1925. Ìgbà tí Ross lọ, tí Gómìnà Cameron sì bẹ̀rẹ̀ àtúnṣe, ni wọ́n tó ya Ìbàdàn kúrò lára Ọ̀yọ́ ní 1934. Ní 1936, oyè Baálẹ̀ di Olúbàdàn. Àríyànjiyàn lórí ẹni tí yóò jẹ́ alága ìgbìmọ̀ àwọn ọba ní Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́, láàrin Aláàfin, Olúbàdàn àti Ṣọ̀ún ti Ògbómọ̀ṣọ́, ní gbòǹgbò níbẹ̀. Ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan á ní ti àwọn ló bá ìtàn mu, àmọ́ ọ̀pọ̀ ìgbà, ìtàn tí wọ́n ń tọ́ka sí kò dàgbà ju Ross lọ.

Àwọn tó ń tako ìgbàgbọ́ òdì yìí máa ń sáré mú ìtàn Olókùn-Ẹṣin, ìjòyè tí àṣà ní kó bá ọba kú, wá. Lẹ́yìn ikú Ládìgbòlù ní ìparí 1944, òyìnbó kò jẹ́ kí Olókùn-Ẹṣin bá ọba lọ gẹ́gẹ́ bí ìṣe, ọmọ rẹ̀ sì kú dípò rẹ̀. Ìtàn tó wúwo ni. Síbẹ̀, ọjọ́ kan ni ìyẹn, ilé kan ló kàn. Owó orí àti kóòtù kan gbogbo agboolé, lọ́dọọdún.

Nígbà tí àwọn olóṣèlú tiwa gba ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn, ẹ̀rọ náà wà níbẹ̀ tí ń dúró dè wọ́n. Ìgbìmọ̀ ìjọba ìbílẹ̀ tí a dìbò yàn gba ipò aláṣẹ, ìjà sì bẹ́ láàrin Aláàfin Adéyẹmí Kejì àti ẹgbẹ́ òṣèlú Action Group. Rògbòdìyàn ṣẹlẹ̀ ní Ọ̀yọ́ ní 1954, wọ́n lé Aláàfin kúrò nílùú, wọ́n sì rọ̀ ọ́ lóyè. Ohun tí gbogbo ènìyàn mọ̀ nípa ọ̀rọ̀ yìí ni àrọ́bá pé Bode Thomas, olóṣèlú Action Group tó bá Aláàfin ní gbólóhùn asọ̀, gbó bí ajá kó tó kú ní 1953. Kò sí ẹ̀rí fún àrọ́bá yẹn. Ohun tó lẹ́rìí, tí a kì í sì sọ, ni pé kò sí igbá òfìfo nínú bí ọba náà ṣe lọ. Àṣẹ ìjọba ni, irú èyí tí Rẹ́sídẹ́ǹtì ti ń pa fún àwọn baálẹ̀ ṣáájú.

Owó orí náà kò tíì parí iṣẹ́ rẹ̀. Nígbà Àgbẹ́kọ̀yà, ìdìde àwọn àgbẹ̀ ní 1969, àwọn tó ń bínú owó orí pa Ṣọ̀ún Ọlájídé Ọláyọdé ní Ògbómọ̀ṣọ́. Ọdún mẹ́tàléláàádọ́ta ló wà láàrin rẹ̀ àti Òkèhò. Òyìnbó ti lọ, Gómìnà ológun ló wà ní Ìbàdàn, ojú ọba ni aráàlú ṣì ń rí nígbà tí wọ́n bá ń béèrè owó.

Ní 1957, Ìwọ̀-Oòrùn ṣe òfin oyè. Òfin náà ní kí a kọ ìlànà oyè kọ̀ọ̀kan sílẹ̀: ìdílé tó ń jẹ ẹ́, bí wọ́n ṣe ń yí i ká, àwọn tó ń yan ọba. Ti Aláàfin jáde ní 1961, ìdílé méjì ló dárúkọ, Alówólódù àti Agúnlóyè. Afọbajẹ á yan, Gómìnà á fọwọ́ sí i, Gómìnà náà ni yóò gbé ọ̀pá àṣẹ lé ọba lọ́wọ́. Lẹ́yìn tí Aláàfin Lámídì Adéyẹmí Kẹta wàjà ní oṣù Kẹrin 2022, ìtẹ́ ṣófo títí di oṣù Kìíní 2025 tí Gómìnà kéde Aláàfin Owóadé. Ẹjọ́ wà lórí oyè Ṣọ̀ún náà lẹ́yìn tí Ọba Oyèwùmí wàjà ní 2021. Nínú irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀, ìdílé á kó arọ́kin, oríkì àti ìtàn baba ńlá wá síwájú adájọ́. Ìwé ìlànà oyè tó wà nínú fáìlì ìjọba ni adájọ́ máa kọ́kọ́ béèrè, nítorí òfin sọ pé bí a bá ti fi orúkọ rẹ̀ sílẹ̀, òun ni àṣà, èyíkéyìí tó bá ta kò ó kò sì lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ mọ́ ní kóòtù.