Ṣé Ohun Tí A Ti Ń Fẹ́ Tẹ́lẹ̀ Ni Sinimá Ń Fún Wa?

Ọ̀pọ̀ ènìyàn ló gbà pé ohun tí kálukú ń fẹ́ ti wà nínú rẹ̀ láti ilẹ̀, pé ó fara pamọ́ sí apá ọkàn tí ẹni náà pàápàá kò mọ̀, àti pé iṣẹ́ sinimá kò ju kí ó gbé e jáde fún un lọ. Slavoj Žižek, onímọ̀ èrò ìjìnlẹ̀ tí wọ́n bí ní ọdún 1949 ní Ljubljana, tó jẹ́ olú-ìlú Slovenia lónìí, kò gbà bẹ́ẹ̀. Nínú The Pervert's Guide to Cinema, tí Sophie Fiennes darí ní ọdún 2006, ó ní sinimá kì í fún wa ní ohun tí a ń fẹ́; ńṣe ló ń kọ́ wa bí a ṣe ń fẹ́ nǹkan.

Vertigo, tí Alfred Hitchcock ṣe ní ọdún 1958, fi ọ̀rọ̀ yìí hàn kedere. Scottie, ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ kan ní San Francisco tó ti fiṣẹ́ sílẹ̀, ni ọ̀rẹ́ rẹ̀ àtijọ́ bẹ̀ pé kó máa ṣọ́ Madeleine, ìyàwó òun. Ìfẹ́ obìnrin náà kó sí i lọ́kàn, àfi bí obìnrin náà ṣe já bọ́ láti orí ilé agogo. Nígbà tó yá, ó pàdé Judy, òṣìṣẹ́ ṣọ́ọ̀bù tó jọ olóògbé, ṣùgbọ́n kò lè gbà á bó ṣe wà. Ó ra aṣọ aláwọ̀ eérú fún un, ó ní kó pa irun rẹ̀ láró. Judy ṣe gbogbo rẹ̀, síbẹ̀ ọkàn Scottie kò balẹ̀, nítorí pé irun náà kò tíì di kíkó jọ sẹ́yìn bí ti Madeleine. Ìgbà tó wọ balùwẹ̀ lọ dì í, tó jáde nínú ìmọ́lẹ̀ àwọ̀ ewé tí iná òtẹ́ẹ̀lì ń tàn wọlé, ni Scottie tó gbá a mọ́ra.

Ẹni tó bá dá fíìmù náà dúró síbẹ̀ yóò ní ọkùnrin náà mọ ohun tó ń fẹ́, ó sì rí i gbà. Ṣùgbọ́n Madeleine tó ń wá kò fìgbà kan wà. Judy fúnra rẹ̀ ni. Ọ̀rẹ́ Scottie ló háyà rẹ̀, tó kọ́ ọ bí yóò ṣe wọṣọ àti bí yóò ṣe sọ̀rọ̀, kí ó lè rọ́nà bo ikú ìyàwó rẹ̀ gan-an, tí ó fọwọ́ ara rẹ̀ pa, mọ́lẹ̀. Ohun tí Scottie pè ní ìfẹ́ ọkàn òun, ọkùnrin mìíràn ló ti gé e, tó rán an sílẹ̀ dè é. Nígbà tí ẹ̀gbà ọrùn kan tú àṣírí náà, ohun tó ká Scottie lára ni pé ọ̀rẹ́ rẹ̀ yẹn ti tún obìnrin náà ṣe ṣáájú òun, àti pé iṣẹ́ ẹni yẹn dára ju tòun lọ. Ní tèmi, ibẹ̀ gan-an ni ìgbàgbọ́ òdì yẹn ti wó, nítorí ènìyàn lè máa fi gbogbo ara fẹ́ nǹkan láìmọ ẹni tó kọ́ ọ láti fẹ́ ẹ. Ọ̀dọ̀ Jacques Lacan, oníṣègùn ọpọlọ ará Faransé tó kú ní ọdún 1981, ni Žižek ti mú ìpìlẹ̀ èrò yìí.

Àwọn tó ṣì gbà pé ìfẹ́ ti wà nínú wa láti ilẹ̀ a máa tọ́ka sí ohun tí Žižek sọ nípa ilé inú Psycho, fíìmù Hitchcock mìíràn ti ọdún 1960, pé àjà òkè dúró fún ohùn tó ń bá ni wí, tí àjà ilẹ̀ sì dúró fún ìfẹ́ tó burú tí a rì mọ́lẹ̀. Wọ́n gbàgbé ohun tó fi kún un: Norman, ọkùnrin tó ń gbé ilé náà, gbé ìyá rẹ̀ láti òkè lọ sí àjà ilẹ̀. Ìyá kan náà ni ní ibi méjèèjì, ìyẹn ni pé ohùn tó ń bá ni wí àti ìfẹ́ tí a rì mọ́lẹ̀ kò ṣeé yà sọ́tọ̀.