Kí wọ́n tó lé òṣìṣẹ́ páàtì-táìmù ìjọba, kí ló yẹ kó ṣẹlẹ̀?

Ẹni tó ń kọ́ kíláàsì mẹ́ta lọ́sẹ̀ ní poly n'Ílọrin, ẹni tó ń wá fa káàdì jáde ní ọsibítù ìjọba l'Ọ́fà ní ìrọ̀lẹ́ nìkan, ẹni tó ń gbá ọgbà lókà gọ́fúmẹ́ǹtì l'Ómù-Àrán láàárọ̀ kó tó lọ ṣí ṣọ́ọ̀bù ẹ̀, páàtì-táìmù ni gbogbo wọn, ìjọba ló sì ń sanwó wọn. Bí wàhálà bá dé báyìí, ohun tí wọ́n kọ́kọ́ máa ń sọ fún wọn ni pé ìwọ kì í ṣe stáàfù, máa lọ sílé. Kò rí bẹ́ẹ̀ o.

Nǹkan méjì làwọn èèyàn máa ń pò pọ̀. Èkíní ni kí wọ́n dá èèyàn dúró torí iṣẹ́ ti tán tàbí torí pé kò sówó mọ́. Ìyẹn ò ta àbùkù sí i, nótíìsì tó wà nínú lẹ́tà ìgbaniṣíṣẹ́ ni wọ́n máa fún un, tàbí kí wọ́n san owó àsìkò nótíìsì yẹn fún un kó máa lọ. Òfin Òṣìṣẹ́ Nàìjíríà, èyí táwọn lọ́yà ń pè ní Labour Act, ti la iye ọjọ́ sílẹ̀ fáwọn tó ń fagbára ṣiṣẹ́ àtàwọn akọ̀wé: ẹni tí ò tíì ju oṣù 3 lọ, ọjọ́ 1, tí ò bá tíì pé ọdún 2, ọ̀sẹ̀ 1, láti ọdún 2 sí 5, ọ̀sẹ̀ 2, ọdún 5 sókè, oṣù 1. Èkejì ni kí wọ́n lé èèyàn torí wọ́n ní ó jalè, ó gbowó lọ́wọ́ akẹ́kọ̀ọ́, kì í wá síbi iṣẹ́. Eléyìí ló gba kí wọ́n gbọ́ tẹnu ẹ̀, ìbáà ṣe wákàtí 2 péré ló ń ṣe lọ́sẹ̀, torí orúkọ tí wọ́n fẹ́ bà jẹ́ yẹn, odindi ni, kì í ṣe páàtì-táìmù.

Àwọn bàbá wa ti sọ ọ́ tipẹ́ pé agbẹ́jọ́ ẹnì kan dá, àgbà òṣìkà ni, Kọnstitúṣọ̀n 1999 náà sì gbé ìgbẹ́jọ́ tó tọ́ sínú abala 36. Nínú ìlànà iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀, kúérì, ìyẹn lẹ́tà tó ní kí òṣìṣẹ́ wá ṣàlàyé ara ẹ̀, ló kọ́kọ́ máa dé, lórí ìwé, wọ́n á sọ ohun tí wọ́n ní ó ṣe gan-an àti ọjọ́ tó gbọ́dọ̀ fèsì, wọn ò kàn ní kọ ọ́ pé ìwà ẹ ò dáa. Bí wọ́n bá ní ìwé kan lọ́wọ́ tí wọ́n fẹ́ fi mú un, kó rí ìwé náà. Bí ọ̀rọ̀ bá dé ọwọ́ ìgbìmọ̀ tó máa wádìí ẹ̀, ó kéré tán èèyàn mẹ́ta ló máa jókòó, ọ̀gá ẹ̀ka tó ń ṣiṣẹ́ lábẹ́ ẹ̀ ò sì gbọ́dọ̀ sí níbẹ̀, ẹni tó fẹjọ́ sùn ò lè tún jẹ́ adájọ́, òṣìṣẹ́ náà lẹ́tọ̀ọ́ láti bi àwọn ẹlẹ́rìí léèrè ọ̀rọ̀. Kì í ṣe gbogbo ìgbà ló di dandan kí ìgbìmọ̀ jókòó o. Ní 2011 Supreme Court sọ pé kúérì tí wọ́n fún èèyàn tó sì fèsì sí lè tó.

Ta ló fọwọ́ sí lẹ́tà ìgbaniṣíṣẹ́ yẹn? Ìbéèrè yìí ṣe pàtàkì púpọ̀. Tíṣà tí PTA, ìyẹn ẹgbẹ́ òbí àti tíṣà, gbà sí sẹ́kọ́ńdírì ìjọba l'Ájàṣẹ́-Ìpo, PTA ló gbà á, kì í ṣe TESCOM, àjọ ìjọba tó ń gba tíṣà sẹ́kọ́ńdírì, nǹkan tó bá sì wà láàárín òun àti PTA náà ni wọ́n máa wò.

Ibi tó ti le wá nìyí. Ní 1981, nínú ẹjọ́ Shitta-Bey, òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ kan, Supreme Court ní ìlànà iṣẹ́ ìjọba lágbára òfin, wọ́n ní kí wọ́n dá ọkùnrin náà padà sẹ́nu iṣẹ́. Ohun kan náà ló ṣẹlẹ̀ ní 1985 nínú ẹjọ́ Olaniyan àti Yunifásítì Èkó. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ tí òfin fúnra ẹ̀ gbé dúró làwọn yẹn ń ṣe. Ẹni tó jẹ́ pé lẹ́tà tí wọ́n ń tún ṣe lọ́dọọdún nìkan ló ní, kódà bó bá jàre ní kọ́ọ̀tù, owó àsìkò nótíìsì ni wọ́n sábà máa ń ní kí wọ́n san fún un, wọn ò ní dá a padà. Ó máa ń dunni gan-an, kéèyàn fi ọdún méje sin ìjọba, kó jàre, kó gba owó oṣù kan.

National Industrial Court, tó ní ẹ̀ka n'Ílọrin, ló ń gbọ́ irú ẹjọ́ yìí, àtúnṣe tí wọ́n ṣe sí Kọnstitúṣọ̀n ní 2010 sì gbà wọ́n láyè láti máa wo bí wọ́n ṣe ń ṣe é lágbàáyé. Àdéhùn 158 tí ILO, àjọ àgbáyé tó ń rí sọ́rọ̀ òṣìṣẹ́, ṣe ní 1982 ní wọn ò gbọ́dọ̀ lé òṣìṣẹ́ torí ìwà ẹ̀ láìjẹ́ pé ó kọ́kọ́ gbèjà ara ẹ̀; Nàìjíríà ò tíì fọwọ́ sí i, ṣùgbọ́n àwọn adájọ́ kan ní kọ́ọ̀tù yìí ti ń tọ́ka sí i.

Èyí tó burú jù ni kí wọ́n kàn yọ orúkọ èèyàn lórí fáúṣà, ìwé tí wọ́n fi ń sanwó oṣù, kò ní mọ̀ àfi ìgbà tí álẹ́ẹ̀tì ò bá wọlé. Ìdí nìyí tó fi yẹ kó tọ́jú lẹ́tà ìgbaniṣíṣẹ́, álẹ́ẹ̀tì owó àti ẹ̀dà ìwé tó ń sáìn láàárọ̀. Ẹni tí wọ́n bá sì fún ní kúérì, kó fèsì kí ọjọ́ tó pé, kó má fi ìbínú fà á ya, torí ẹni tí wọ́n pè tí ò dáhùn ò lè padà wá sọ pé wọn ò gbọ́ tòun. Kó ṣe kọ́pì kan, kí ọ́fíìsì lu sitáǹbù sí i.