Láti Ọ́fíìsì Ìjọba ni Koji Yakusho ti Ṣẹ̀ Wá

Bí ọ̀rọ̀ bá kan Koji Yakusho, òṣèré ilẹ̀ Jàpáànù tí ó lè di ẹnikẹ́ni lójú wa, àwọn kan a máa bẹ̀rẹ̀ ìtàn rẹ̀ láti fíìmù Shall We Dance? ti ọdún 1996, nítorí pé òun ni ó gbé e dé etígbọ̀ọ́ òkèèrè. Wọn kò dé ìdí ọ̀rọ̀.

Isahaya ní ẹkùn Nagasaki ni wọ́n ti bí i ní 1956, Koji Hashimoto sì ni orúkọ àbísọ rẹ̀. Nígbà tí ó dé Tokyo, ó di òṣìṣẹ́ ìjọba ìbílẹ̀ Chiyoda. Mo gbà pé ibẹ̀ ni ó ti kọ́ṣẹ́ kí ó tó ní ọ̀gá, nítorí ẹni tí ó bá ń jókòó sẹ́yìn tábìlì ìjọba láti àárọ̀ dé ìrọ̀lẹ́ yóò rí bí àgbàlagbà ti ń fọwọ́ mú ìwé rẹ̀ mọ́ àyà, yóò sì mọ ohùn ẹni tí ó ń fi ọ̀wọ̀ bo ìbínú mọ́lẹ̀.

Ó lọ wo eré orí ìtàgé kan tí Maxim Gorky ará Rọ́ṣíà kọ, tí àgbà òṣèré Tatsuya Nakadai wà nínú rẹ̀, ọkàn rẹ̀ kò sì gba ọ́fíìsì mọ́. Ní 1978, ó wọ Mumeijuku, ilé ẹ̀kọ́ eré ṣíṣe tí Nakadai àti ìyàwó rẹ̀ dá sílẹ̀ ní 1975. "Aláìlórúkọ" ni ìtumọ̀ mumei, síbẹ̀ ibẹ̀ ni ó ti gba orúkọ tuntun. Ọ́fíìsì ìjọba ni ará Jàpáànù ń pè ní yakusho. Ṣùgbọ́n yaku tí ó ṣíwájú nínú rẹ̀ ni iṣẹ́ tí a yàn fún ènìyàn, òun kan náà ni ipa tí òṣèré ń kó, òun ló sì wà nínú yakusha, tí í ṣe òṣèré. Nakadai wo ilé kí ó tó sọ ọmọ lórúkọ, ó sì fi àdúrà kún un pé kí ipa tí yóò máa kó gbòòrò.

Orúkọ sì ro ọmọ. Oda Nobunaga, jagunjagun ńlá Jàpáànù àtijọ́, tí ó ṣe lórí NHK, ilé iṣẹ́ tẹlifíṣàn ilẹ̀ Jàpáànù, ní 1983 sọ ọ́ di ìlúmọ̀ọ́ká. Ní 1997, ó ṣe apànìyàn tí ó ti ẹ̀wọ̀n dé nínú fíìmù The Eel, ó sì ṣe ọlọ́pàá nínú Cure. Ó wà nínú Babel ní 2006, àti 13 Assassins ní 2010.

Ní 2023, àjọ̀dún fíìmù Cannes ní ilẹ̀ Faransé fún un ní àmì-ẹ̀yẹ òṣèrékùnrin tó dára jù lọ fún fíìmù Perfect Days, níbi tí ó ti ń fọ ilé ìgbọ̀nsẹ̀ gbogboògbò ní Tokyo. Kì í fi bẹ́ẹ̀ sọ̀rọ̀. Ó bẹ̀rẹ̀, ó ti dígí kékeré bọ abẹ́ àwo ìgbọ̀nsẹ̀, ó wo ibi tí ojú ẹnikẹ́ni kò ní tó, ó sì nù ún. Òṣìṣẹ́ Chiyoda ni mo rí níbẹ̀.