Wọ́n ní Àbújá kò nítàn: ẹ jẹ́ ká fẹsẹ̀ rìn ín wò

Bí àlejò bá ti ilé dé sọ́dọ̀ àwa Yorùbá tó ń gbé Àbújá, tó sì béèrè ibi tí òun lè rìn dé kóun fi mọ ìtàn ìlú náà, ìdáhùn kan náà ló sábà máa ń gbọ́: "Ìtàn wo? Ìlú tuntun nibí. Igbó ni gbogbo ẹ̀ tẹ́lẹ̀, Babangida ló kọ́ ọ. Ẹni tó bá ń wá ìtàn, kó gba Ìbàdàn tàbí Abẹ́òkúta lọ." Wọ́n á wá gbé àlejò lọ jẹ ẹja, tàbí kí wọ́n lọ ya fọ́tò lẹ́bàá Àpáta Zuma, èyí tí kò tiẹ̀ sí nínú Àbújá, Ìpínlẹ̀ Niger ló wà.

Mo gbọ́ ọ lẹ́nu àgbà, mo gbọ́ ọ lẹ́nu ọ̀dọ́ tí wọ́n bí sí Kubwa, tí wọ́n tọ́ dàgbà níbẹ̀. Kì í ṣòótọ́, ó sì ń pa àwọn kan lára. Tí a bá ń sọ nípa ìtàn ìjọba ológun ní Nàìjíríà, mi ò mọ ìlú tí èèyàn ti lè fẹsẹ̀ rìn ín já bíi Àbújá. Ológun ló pàṣẹ pé kó wà, ológun ló kó ìjọba débẹ̀, orúkọ ológun kún òpópónà rẹ̀, ibẹ̀ náà ni ìjọba ológun sì parí sí.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mú ọ̀rọ̀ igbó yẹn, torí òun ló burú jù. Ibi tó ti ṣẹ̀ kò fara sin. Kété tí Murtala Mohammed gbàjọba ní oṣù Keje ọdún 1975 ló gbé ìgbìmọ̀ kan kalẹ̀ pé kí wọ́n wò ó bóyá ó yẹ kí olú-ìlú kúrò l'Ékòó, àti ibi tó yẹ kó lọ. Adájọ́ Akinola Aguda, ọmọ Àkúrẹ́, ni alága. Tai Solarin wà lára wọn, ẹni tó bá sì mọ Tai Solarin mọ̀ pé kì í ṣe ẹni tó máa jókòó síbì kan kó kàn máa mi orí. Inú oṣù Kejìlá ọdún náà ni wọ́n jábọ̀. Lára ìdí tí wọ́n fi yan agbègbè náà ni pé ó wà láàárín orílẹ̀-èdè, afẹ́fẹ́ ibẹ̀ dára, kò sí lábẹ́ ọ̀kankan nínú ẹ̀yà ńlá mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, èrò ibẹ̀ kò sì pọ̀. Èrò tí kò pọ̀ yìí lẹnu ń yí díẹ̀díẹ̀ títí tó fi di pé kò séèyàn níbẹ̀ rárá. Ó sì rọrùn fún ìjọba kó rí bẹ́ẹ̀, nítorí ilẹ̀ tí kò bá ní ẹni tó ni ín, ta ni wọ́n máa san owó gbà-má-bínú fún?

Bẹ́ẹ̀ àwọn èèyàn wà níbẹ̀. Gbagyi wà, Koro wà, Gade, Gwandara, Bassa. Garki, Wuse, Maitama, Asokoro tí a ń fi orúkọ wọn yangàn lórí àdírẹ́sì, orúkọ àwọn tó ti ń dáko níbẹ̀ ni, àwa kọ́ la fún wọn. Ẹ fa owó 20 náírà yọ, kẹ́ ẹ yí ẹ̀yìn rẹ̀ síta. Obìnrin tó ń mọ ìkòkò níbẹ̀, Ladi Kwali, Gbagyi ni, Kwali tí wọ́n sì bí i sí wà nínú agbègbè olú-ìlú lónìí. Kí Nàìjíríà tó gba òmìnira ló ti ń ṣiṣẹ́ ní ilé ìkòkò tí Michael Cardew dá sílẹ̀ ní Abuja. Abuja ti ìgbà yẹn kì í ṣe èyí tí a wà yìí o. Ìlú ọba kan tó ti wà láti ọ̀rúndún kọkàndínlógún ni, ìjọba ló gba orúkọ rẹ̀ fún olú-ìlú tuntun, ni ìlú ọba náà bá di Suleja.

Ètò àkọ́kọ́ ni pé kí gbogbo onílẹ̀ kó jáde. Nígbà tí wọ́n rí iye tí yóò ná ìjọba, wọ́n yí i padà: ẹni tó bá fẹ́ dúró kó dúró, bó bá di ọjọ́ tí wọ́n nílò ilẹ̀ rẹ̀ kó tó ṣí nípò. Bí àwọn ará Wuse kan ṣe di ará Sabon Wuse lójú ọ̀nà Kàdúná nìyẹn, tí àwọn ará Maitama sì bá ara wọn ní Kubwa. Títí dòní, abala 297 nínú òfin ìpìlẹ̀ 1999 sọ pé ìjọba àpapọ̀ ló ni gbogbo ilẹ̀ Àbújá. Ẹni tí wọ́n sin bàbá bàbá rẹ̀ síbẹ̀, lójú òfin, kò nílẹ̀ níbẹ̀. Nígbà tí ọmọ Yorùbá tó dé ní 1995 bá wá ń sọ fún un pé igbó nibí kí àwọn tó dé, ẹ rò ó wò.

Abúlé Garki ṣì wà. Ẹni tó bá ya kúrò lójú títì tó fẹ̀ nínú Garki kò ní rìn jìnnà kó tó bọ́ sáàárín ilé tó fara ti ilé, ọ̀nà tóóró tí ọkọ̀ méjì kò lè pàdé lórí rẹ̀, páànù tó ti dípẹtà, òórùn kósẹ́, ìyẹn àkàrà, tí wọ́n ń dín láàárọ̀. Oyè ọba wọn ni Sapeyi. Bẹ́ ẹ bá ṣalábàápàdé ìyá àgbà Gbagyi tó ru igi, ẹ wo ibi tó gbé e lé: èjìká ni. Nínú àṣà wọn, orí kì í rẹrù. Tí mo bá ń mú èèyàn rìn, ibẹ̀ ni mo máa ń fẹ́ ká kọ́kọ́ dé ká tó rí ilé ìjọba kankan, kí wọ́n lè mọ̀ pé ìlú ti wà kí ìlú tó dé.

Babangida ńkọ́? Òun ló kó ìjọba dé lóòótọ́, ní ọjọ́ 12 oṣù Kejìlá ọdún 1991, kò sẹ́ni tó máa gba ìyẹn lọ́wọ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n ọwọ́ púpọ̀ ló kọ́ Àbújá. Ọjọ́ 3 oṣù Kejì ọdún 1976 ni Murtala gbé òfin tó dá agbègbè náà sílẹ̀ jáde, Dìkírì nọ́ńbà 6. Ọjọ́ mẹ́wàá péré lẹ́yìn ìyẹn, Dimka, ọ̀gá ológun tó dìtẹ̀, àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ yìnbọn pa á nínú ọkọ̀ rẹ̀ l'Ékòó. Kò sí láyé nígbà tí wọ́n fi bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́lé níbẹ̀. Ọbásanjọ́ ló tẹ̀ síwájú. Mobolaji Ajose-Adeogun ni mínísítà àkọ́kọ́ fún Àbújá. Òpópónà kan ń jẹ́ orúkọ rẹ̀ ní Utako, ọ̀pọ̀ tó ń gba ibẹ̀ lọ wọkọ̀ lójoojúmọ́ kò mọ ẹni tó jẹ́. Àwọn ilé-iṣẹ́ Amẹ́ríkà kan tó para pọ̀ ló ṣe ètò ìlú náà, ó sì jáde ní 1979. Shagari, alágbádá, ló wá sáré sí iṣẹ́ náà débi pé Àbújá ni wọ́n ti ṣe àjọ̀dún òmìnira ní 1982. Mọ́ṣáláṣí àpapọ̀ ṣí ní 1984. Hilton ṣí ní 1987. Ní gbogbo ìgbà yẹn, Èkó ni olórí ìjọba ṣì ń gbé.

Àwọn kan ní ìdìtẹ̀ Gideon Orkar, ọ̀gá ológun tó fẹ́ gbàjọba lọ́wọ́ Babangida, ló dá Àbújá sílẹ̀. Ìyẹn náà kò rí bẹ́ẹ̀. Ọjọ́ 22 oṣù Kẹrin ọdún 1990 ni àwọn Orkar kọlu Dodan Barracks, ibi tí Babangida ń gbé l'Ékòó, ọdún mẹ́rìnlá lẹ́yìn tí òfin Àbújá ti jáde. Ohun tí ìbọn ọjọ́ náà ṣe ni pé ó jẹ́ kí Babangida yára kẹ́rù.

Kenzo Tange, ọmọ Japan tó yàwòrán ibi ìrántí àwọn tí bọ́ǹbù pa ní Hiroshima, ló ya Central Area, àárín gbùngbùn ìlú. Ẹ dúró síbẹ̀ kẹ́ ẹ kọjú sí Aso Rock. Ẹ ó rí i pé ńṣe ni wọ́n to gbogbo ilẹ̀ náà kí ojú má lè lọ síbòmíràn: títì gbọọrọ, ilẹ̀ fífẹ̀ láàárín, ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin lábẹ́ òrùlé aláwọ̀ ewé rẹ̀, àpáta lẹ́yìn rẹ̀, Villa, ilé ààrẹ, lẹ́gbẹ̀ẹ́ àpáta. Mọ́ṣáláṣí wà lápá kan, ṣọ́ọ̀ṣì àpapọ̀, tí wọn ò parí títí di 2005, wà lápá kejì. Ó dùn ún wò, mi ò purọ́. Ṣùgbọ́n ẹ gbìyànjú láti fẹsẹ̀ sọdá títì ibẹ̀, ẹ ó mọ̀ pé ẹni tó wà nínú ọkọ̀ ni wọ́n ní lọ́kàn. Ní tèmi, ìlú tí mẹ̀kúnnù ti máa ń ráyè kóra jọ níwájú ààfin kọ́ ni wọ́n gbèrò láti kọ́.

Inú Central Area yẹn náà, láàárín báńkì àti ilé iṣẹ́ ìjọba, ni ibi tó ń mú mi lọ́kàn jù wà. Ẹ máa ka pátákó orúkọ bẹ́ ẹ ṣe ń lọ. Samuel Ademulegun. Ralph Shodeinde. Zakariya Maimalari. Kur Mohammed. Abogo Largema. Àdírẹ́sì lásán lèyí lójú ọ̀pọ̀ èèyàn, wọ́n á fi júwe ọ́fíìsì fún awakọ̀, ó parí. Ọ̀gá ológun ni gbogbo wọn, òru kan náà ni wọ́n sì pa wọ́n, òru tó mọ́jú ọjọ́ 15 oṣù Kìíní ọdún 1966, nígbà tí àwọn ológun kọ́kọ́ dìtẹ̀ ní Nàìjíríà. Ademulegun, ọmọ Oǹdó, ló ń darí àwọn ọmọ ogun ní Kàdúná. Inú ilé ni wọ́n bá a, tòun tìyàwó rẹ̀ ni wọ́n yìnbọn pa. Kàdúná náà ni wọ́n pa Shodeinde sí. Largema ló ń darí àwọn ọmọ ogun ní Ìbàdàn. Ó sùn sí hòtẹ́ẹ̀lì kan ní Ìkòyí lóru ọjọ́ náà, kò kúrò níbẹ̀ láàyè.

Àwọn alágbádá tí wọ́n pa lóru yẹn náà wà nínú ìlú. Tafawa Balewa lójú títì tirẹ̀, Ahmadu Bello lójú tirẹ̀, Ládòkè Akíntọ́lá ní Garki. Ẹ wá lọ sí Maitama, ẹ ó bá Aguiyi Ironsi, ẹni tí ọ̀tẹ̀ òru yẹn gbé dórí àlééfà, tí àwọn ológun míì sì pa á ní Ìbàdàn nínú oṣù Keje ọdún kan náà, òun àti Fájuyì tó gbà á lálejò. Maitama náà ni òpópónà Babangida wà. Ẹni tó pa, ẹni tí wọ́n pa, ẹni tó jàǹfààní ikú ẹlòmíràn, gbogbo wọn ló pín ìlú kan náà, pátákó wọn sì rí bákan náà. Kò sí èyí tó sọ ju orúkọ lọ. Ní Berlin, ilé tí wọ́n kọ́ fún ilé-iṣẹ́ ọkọ̀ òfuurufú ìjọba Hitler ṣì dúró, ilé-iṣẹ́ ìṣúná Jámánì ló wà nínú rẹ̀ báyìí, àwọn amọ̀nà sì ń kó èrò débẹ̀ lójoojúmọ́, wọ́n ń ṣàlàyé ohun tó ṣẹlẹ̀ níbẹ̀. Tiwa ò nílò ju ẹni tó lè dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ pátákó Ademulegun kó la ẹnu.

Mpape ni orúkọ Mamman Vatsa wà. Ọ̀gágun ni, akéwì ni, òun ló jẹ́ mínísítà Àbújá nígbà ìjọba ológun Buhari. Nígbà tí Babangida, ọ̀rẹ́ rẹ̀ láti kékeré, dé ipò, wọ́n fẹ̀sùn ìdìtẹ̀ kàn án, wọ́n sì yìnbọn pa á ní ọjọ́ 5 oṣù Kẹta ọdún 1986, bí Ṣóyínká, Achebe àti Clark ṣe bẹ̀bẹ̀ tó. Ilẹ̀ tó bá àwọn òǹkọ̀wé Nàìjíríà rí gbà ló ń jẹ́ orúkọ rẹ̀ lónìí.

Ní Asokoro, ìjọba ti yí orúkọ bárékè kan padà sí Mogadishu Cantonment. Ẹ sọ bẹ́ẹ̀ fún awakọ̀, á kọ́kọ́ wò yín. Ẹ ní Abacha Barracks, ó ti ṣíná. Abacha fúnra rẹ̀ kú sínú Villa ní ọjọ́ 8 oṣù Kẹfà ọdún 1998. Kò pé oṣù kan sí i tí MKO Abíọ́lá náà fi kú. Láti 1994 ni wọ́n ti há a mọ́, nítorí ìbò tó wọlé. Ọjọ́ 7 oṣù Keje, ní Àbújá níbí, àìsàn kọlù ú níwájú àwọn aṣojú ìjọba Amẹ́ríkà tó wá bẹ̀ ẹ́ wò, kò sì yè é. Ìdí nìyí tó fi ń dùn mí bí ọmọ Yorùbá bá sọ pé kò sí ìtàn òun ní Àbújá. Ní Eagle Square, níbi tí Abdulsalami, olórí ológun tó jẹ kẹ́yìn, ti gbé ìjọba fún Ọbásanjọ́ ní ọjọ́ 29 oṣù Karùn-ún ọdún 1999, ibẹ̀ náà ni Buhari dúró sí ní ọjọ́ 12 oṣù Kẹfà ọdún 2019 tó kéde pé pápá ìṣeré ńlá Àbújá á máa jẹ́ Moshood Abiola.

Bẹ́ ẹ bá fẹ́ rìn ín, àárọ̀ Sátidé ló dára, kí oòrùn tó mú. Ẹ mú omi dání. Ẹ má ya fọ́tò ṣọ́jà, ẹ má ya bárékè tàbí ẹnu ọ̀nà Villa. Ibi tí wọ́n bá ti dá yín dúró, ẹ padà. Ní mọ́ṣáláṣí, ẹ gbàṣẹ lẹ́nu ọ̀nà, kí àwọn obìnrin borí. Mpape jìnnà sí ìyókù, ẹ wọkọ̀ lọ. Ní ti abúlé Garki, ẹ má kàn wọ ibẹ̀ bí ẹni wọ ọjà. Ẹ wá ọmọ Gbagyi kan tí yóò fọ̀nà hàn yín, kẹ́ ẹ jẹ́ kóun fẹnu ara rẹ̀ sọ ìtàn ilẹ̀ náà, kẹ́ ẹ sì sanwó fún un.