Ọjọ́ Tí Òfin Ń Kà Lórí Gbèsè ní Èkó

Bí oníṣòwò kan ní Ìdúmọ̀tà bá ta léèsì láwìn, tí oníbàárà rẹ̀ sì ṣèlérí láti san owó náà ní ọjọ́ 1 oṣù kẹta ọdún 2019, ìgbà tí àdéhùn náà yẹ̀ ni òfin ti bẹ̀rẹ̀ sí í ka ọjọ́, kì í ṣe ìgbà tí inú olówó bí i dé ọ̀dọ̀ lọ́yà. Òfin ìpínlẹ̀ Èkó fún olówó ní ọdún 6 láti gbé gbèsè irú àdéhùn bẹ́ẹ̀ lọ sí kóòtù. Bí ọdún 6 bá ti kọjá, tí onígbèsè sì kọ ọ́ sínú ìwé àwíjàre rẹ̀ pé àkókò ti lọ, ẹjọ́ náà ti bàjẹ́ mọ́ olówó lọ́wọ́ nìyẹn, bó ti wù kí ẹ̀tọ́ rẹ̀ hàn gbangba tó.

Ohun tó ń pa àwọn ènìyàn lára jù ni pé ẹ̀bẹ̀, ìjókòó àgbà àti ìpàdé ẹgbẹ́ ọjà kì í dá ọjọ́ náà dúró. Onígbèsè á wá sí ṣọ́ọ̀bù, á dọ̀bálẹ̀, ìyálọ́jà á bá a bẹ̀bẹ̀, wọ́n á sì ní kó máa lọ kó lọ wá nǹkan ṣe. Ìwà ọmọlúàbí ni, ó sì dára, ṣùgbọ́n òfin ń ka ọjọ́ rẹ̀ lọ.

Ohun tó lè mú kí kíkà náà bẹ̀rẹ̀ lákọ̀tun ni kí onígbèsè san díẹ̀ lára owó náà kí ọdún 6 tó pé, tàbí kó kọ ìwé sí olówó pé òun ṣì jẹ ẹ́, kó sì fọwọ́ sí i. Ká ní oníbàárà yẹn fi ₦20,000 ránṣẹ́ sí àkáǹtì olówó ní oṣù kẹfà ọdún 2022, tó sì kọ “lára owó léèsì” sí i, ó di oṣù kẹfà ọdún 2028 kí ọdún 6 tuntun tó pé. Ìlérí ẹnu lásán kò lè ṣe iṣẹ́ yìí, nítorí náà ìwé báńkì tó fi owó kékeré yẹn hàn ṣe é tọ́jú gan-an.

Ìdájọ́ pàápàá kì í fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn. Kóòtù tó ń gbọ́ ẹjọ́ gbèsè tí kò ju ₦5,000,000 lọ, èyí tí Èkó dá sílẹ̀ ní 2018, lè dájọ́ kíákíá, síbẹ̀ olówó fúnra rẹ̀ ló máa béèrè pé kí wọ́n mú ìdájọ́ náà ṣẹ. Àwọn bélífù, ìyẹn òṣìṣẹ́ kóòtù tó ń mú ìdájọ́ ṣẹ, á kọ́kọ́ wo ẹrù tó ṣeé gbé tí wọ́n lè lù ní gbàǹjo. Bí ìyẹn kò bá ká gbèsè, olówó gbọ́dọ̀ gba ìyọ̀ǹda adájọ́ kí wọ́n tó fọwọ́ kan ilé tàbí ilẹ̀. Bí owó onígbèsè bá wà ní báńkì, kóòtù lè pàṣẹ fún báńkì náà láti wá ṣàlàyé ìdí tí kò fi yẹ kó san án fún olówó, wọ́n sì gbọ́dọ̀ fi àṣẹ yìí jíṣẹ́ fún báńkì àti onígbèsè ní ó kéré tán ọjọ́ 14 ṣáájú ìgbẹ́jọ́. Ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn tí onígbèsè pè kò dá èyíkéyìí nínú èyí dúró, àyàfi bí kóòtù bá pàṣẹ bẹ́ẹ̀.

Bí ìdájọ́ bá ti sùn pẹ́, tàbí tí ọ̀kan nínú àwọn tó ni ẹjọ́ ti kú, a kì í kàn gbé bélífù lọ ká ilé ẹnikẹ́ni. Olówó tàbí àrólé rẹ̀ á padà lọ tọrọ ìyọ̀ǹda, á fi ìwé ìbúra ṣàlàyé iye tó kù àti ìdí tí ọ̀rọ̀ fi pẹ́, á sì so ẹ̀dà ìdájọ́ tó ní òǹtẹ̀ kóòtù mọ́ ọn. Ní oṣù kẹwàá ọdún 2020, iná jó ilé-ẹjọ́ gíga tó wà ní Igbóṣeré, ọ̀pọ̀ fáìlì sì bá a lọ. Ẹni tó ti gba ẹ̀dà tirẹ̀ sílé ṣáájú ọjọ́ náà ṣì ní ohun tó lè gbé síwájú adájọ́.