Ohun Tí Ìwé Owó Ààfin Lè Sọ Nípa Afunpè Dúdú Kan

Àwọn tó ń béèrè lọ́wọ́ àwa òpìtàn bóyá ènìyàn dúdú gbé ní England láyé àwọn ọba Tudor, ìdílé tó jọba níbẹ̀ láti 1485 sí 1603, sábà máa ń retí ìdáhùn láti inú ìtàn ogun tàbí ìtàn ọba. Inú ìwé ìṣirò owó ni ẹ̀rí tó dájú jù wà. Ní oṣù Kejìlá ọdún 1507, wọ́n kọ ọ́ sínú ìwé owó Ọba Henry Keje pé John Blanke, afunpè dúdú, gba ṣílè 20 fún iṣẹ́ oṣù Kọkànlá, ní pẹ́nì 8 lójúmọ́. Àwọn àgbà tó ná pọ́n-ùn àti ṣílè ní Nàìjíríà kí náírà tó dé ní 1973 yóò tètè rí i pé owó ọjọ́ 30 pé pérépéré, nítorí pé pẹ́nì 12 ló ń jẹ́ ṣílè kan.

Mo ka irú àkọsílẹ̀ yìí sí gidigidi, nítorí pé ẹni tó kọ ọ́ kò wá láti yin ẹnikẹ́ni tàbí láti tàbùkù ẹnikẹ́ni. Ohun tó ká a lára ni pé kí owó tó jáde bá ìwé mu. Lẹ́yìn tí Henry Kẹjọ gorí oyè ní 1509, Blanke kọ̀wé ẹ̀bẹ̀ sí i pé owó òun kò tó òun láti sin ọba bí àwọn afunpè yòókù ti ń sìn ín, ó sì bẹ̀bẹ̀ fún ipò Dominic Justinian, afunpè kan tó ti kú, pẹ̀lú pẹ́nì 16 lójúmọ́. Ọba fọwọ́ sí i. Ó hàn gbangba pé ọkùnrin yìí mọ iye tí ẹgbẹ́ rẹ̀ ń gbà, kò sì bẹ̀rù láti béèrè tirẹ̀.

Àwòrán ni ọ̀pọ̀ ènìyàn fi mọ̀ ọ́n. Nínú ìwé àwòrán kíká tó gùn tó mítà 18, tó wà ní College of Arms, ilé iṣẹ́ tó ń bójú tó àmì oyè àwọn ìdílé, ní London, afunpè dúdú kan fara hàn lẹ́ẹ̀mejì lórí ẹṣin, ó wé láwàní, níbi ìdíje àwọn jagunjagun ẹlẹ́ṣin tí wọ́n ṣe ní oṣù Kejì ọdún 1511 nítorí ọmọkùnrin tí Ayaba Catherine, ìyàwó Henry Kẹjọ tó wá láti Spain, bí. Kò sí orúkọ lára àwòrán náà: àwa òpìtàn ló fi ìwé owó tì í, tí a fi gbà pé Blanke ni. Bí ẹ bá sì rí 1510 níbòmíràn fún oṣù yẹn kan náà, ẹ má ṣe rò pé irọ́ ni, torí pé ọjọ́ 25 oṣù Kẹta ni ọdún tuntun ń bẹ̀rẹ̀ nínú ìṣirò ìjọba England títí di ìgbà tí wọ́n yí i padà ní 1752.

Àwọn kan a máa sọ ọ́ bí ẹni tó ṣojú wọn pé Blanke bá Catherine wá láti Spain ní 1501. Ó ṣeé ṣe, ṣùgbọ́n àbá ni, ó sì yẹ kí ẹni tó ń kọ́ aráàlú ní ìtàn pè é ní àbá. Kò sí ìwé tó sọ ibi tí wọ́n bí i. Èyí tó wà lákọsílẹ̀ ni pé ní oṣù Kìíní ọdún 1512, ọba pàṣẹ pé kí wọ́n fún un ní ẹ̀wù aláwọ̀ àlùkò àti fìlà fún ìgbéyàwó rẹ̀. Orúkọ ìyàwó kò sí níbẹ̀, nítorí pé aṣọ tó jáde láti ilé ìṣúra ọba nìkan ni wọ́n torí rẹ̀ kọ̀wé náà.