Ìtàn sọ́míìlì n'Ìbàdàn, látorí ayùn ọwọ́ títí dìgbà tí igi fi ń tán lọ́wọ́ wa

Kí sọ́míìlì tó dé, ọwọ́ ni wọ́n fi ń la gẹdú nílẹ̀ yìí. Tí wọ́n bá wó ọ̀gànwó tàbí ìrókò (ìrókò yẹn wọn ò kàn ń dojú àáké kọ ọ́ o, wọ́n á ṣètùtù ná), wọ́n á gbẹ́ kòtò gígùn sábẹ́ ẹ̀, ẹnìkan á dúró lórí igi, ẹnìkejì á wọnú kòtò, ayùn wà láàárín wọn, tòkè ń fà, tìsàlẹ̀ ń fà, ìyẹ̀fun igi ń dà sójú tìsàlẹ̀. Pákó tí wọ́n máa rí là lójúmọ́ kan ò tó nǹkan, ìdí nìyẹn tí igbó fi ń rí àyè mí nígbà yẹn.

Rélùwéè ló yí ọ̀rọ̀ padà. 1896 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ẹ̀ l'Ékòó, tó fi máa di 1901 ó ti wọ Ìbàdàn, igi tó jẹ́ pé inú oko ló máa ń jẹrà sí wá di ohun tó rí ọkọ̀ wọ̀ dé etíkun. Òyìnbó náà tètè rí i pé ó lè tán. 1899 ni wọ́n ti ya igbó Olókemèjì sọ́tọ̀ fún ìjọba, lójú irin tó wà láàárín Abẹ́òkúta àti Ìbàdàn, 1902 ni wọ́n gbé igi tíìkì wá síbẹ̀ látilẹ̀ Éṣíà, nígbà tó sì di 1903, H. N. Thompson, òyìnbó tó ti ṣiṣẹ́ igbó ní Bọ́mà (tí wọ́n ń pè ní Myanmar báyìí), dé láti wá ṣolórí iṣẹ́ igbó. Olókemèjì di ìlú kékeré àwọn oníṣẹ́ igbó. Ní 1929 wọ́n pín ilẹ̀ kan níbẹ̀ sí mẹ́ta, wọ́n ń sun apá kan níbẹ̀rẹ̀ ẹ̀ẹ̀rùn, wọ́n ń sun ìkejì níparí ẹ̀ẹ̀rùn, wọn ò jẹ́ kíná dé ẹ̀kẹta rárá, èyí tíná ò dé yẹn hù padà di igbó, èyí tí wọ́n ń sun níparí ẹ̀ẹ̀rùn ò kúrò ní ọ̀dàn. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ rántí èyí, torí ó túmọ̀ sí pé ó ti pẹ́ tá a ti mọ̀ pé igbó máa ń padà táwa èèyàn bá gbà fún un.

Nígbà tó yá, Jẹ́ríkò n'Ìbàdàn níbí ni gbogbo ìmọ̀ yẹn kó wá. 1939 ilé ẹ̀kọ́ igbó, 1954 ilé ìwádìí igbó, Yunifásítì Ìbàdàn náà dá ẹ̀ka tiẹ̀ sílẹ̀ ní 1963. Ìgbà yẹn náà lowó kòkó ń kọ́lé káàkiri ìlú, ẹ wo ẹ́sítéètì Bódìjà, ẹ wo ilé kéékèèké tó kún gbogbo àdúgbò, kò sí èyí tí ò fẹ́ pákó òrùlé, ilẹ̀kùn, síílìnì, bẹ́ẹ̀dì. Bí sọ́míìlì ṣe pọ̀ sí i nìyẹn, tí pákó Bódìjà sì lókìkí.

Ẹni tó bá mọ ọ̀nà Ìjẹ̀bú-Òde sí Ìbàdàn á mọ agbégilódò, ọkọ̀ tí wọ́n fi ṣéènì di gẹdú ńláńlá mọ́, tó ń rọra gun òkè, tọ́mọ mọ́tò ń sáré tẹ̀lé e pẹ̀lú igi ìdènà lọ́wọ́ kó lè jù ú sẹ́yìn táyà tó bá fẹ́ yí padà. Iṣẹ́ ikú ni, ó dùn mí pé a kì í dárúkọ àwọn ọmọ yẹn mọ́ ìtàn yìí.

Ní sọ́míìlì fúnra ẹ̀, kì í ṣe dandan kí ẹni tó ni sọ́míìlì ní igi o, onígi á gbé gẹdú ẹ̀ wá, á sanwó ìlà, á kó pákó ẹ̀ lọ tà. Ọ̀gá níbẹ̀ ni sọ́dókítà, ẹni tó ń tún ayùn ṣe. Bánsọ̀, ìyẹn ayùn ẹ̀rọ tó ń la igi, irin pẹlẹbẹ gígùn ni tí wọ́n jó orí mọ́dìí, tó bá lọ kan ìṣó tàbí ọta ìbọn ọdẹ tó ti há sínú igi látọdúnmọ́dún, eyín ẹ̀ á ká, sọ́dókítà á jókòó tì í, á fi fáìlì pọ́n eyín lọ́kọ̀ọ̀kan, á tẹ ọ̀kan sọ́tùn-ún, á tẹ èkejì sósì. Kódà ìyẹ̀fun pákó ò ṣòfò, àwọn ìyá wa ń wá kó o, wọ́n á ki ìgò sáàárín agolo ńlá, wọ́n á gún ìyẹ̀fun yí i ká kó le, wọ́n á yọ ìgò, wọ́n á dáná sínú ihò yẹn, ó sì máa jó títí ẹ̀wà á fi jiná.

Ìgbà wo ló wá bẹ̀rẹ̀ sí í bàjẹ́? Ìjọba fòfin de kíkó gẹdú lọ sókè òkun ní 1976, ṣùgbọ́n owó epo ti dé, àwa fúnra wa la wá ń kọ́lé jù. Lẹ́yìn SAP, ètò àtúntò ọrọ̀ ajé tí ìjọba gbé kalẹ̀ ní 1986, náírà ya lulẹ̀, bánsọ̀ tó ń ti òkè òkun wá di ọ̀wọ́n, iná ò sí, dísù ń gbówó lórí. Lójú tèmi ìyẹn kọ́ ló burú jù, igi ni. Igbó ìjọba Gàm̀bàrí tó wà nítòsí wa, oko ti wọ inú ẹ̀ gan-an, tíìkì tí ò tíì gbó ni wọ́n ń gé, tí wọ́n ń kó sí kọ̀ǹténà lọ sí Íńdíà, àràbà tẹ́nikẹ́ni ò kà sí tẹ́lẹ̀ ló di pákó. Àwọn tó ní ayùn ẹ́ńjìnnì wá ń la igi nínú igbó lóru, pákó tó ti là tán ló ń wọ̀lú, kí ni wọ́n fẹ́ gbé wá sí sọ́míìlì mọ́?

Inú ń bí mi sí i. Ìlú tó ní ilé ẹ̀kọ́ igbó àti ilé ìwádìí igbó, Ondó àti Èkìtì ló wá ń retí pákó, igbó ibẹ̀ náà sì ń tán lọ. Owó tí ìjọba ń gbà lórí igi kọ̀ọ̀kan tí wọ́n bá gé, ó yẹ kí wọ́n máa fi gbin òmíràn sí Gàm̀bàrí, kí wọ́n sì fi ẹ̀ṣọ́ tó ń gbowó oṣù síbẹ̀ lóru, torí tíìkì tí wọ́n bá gbìn lọ́dún yìí, ó máa lé lógún ọdún kó tó kan bánsọ̀.